"Jàpáánì ni wọ́n ti tò ó": bí ẹ ṣe máa mọ òótọ́ ọ̀rọ̀ yìí kí ẹ tó ra tòkunbọ̀ ní Àgbádárìgì

Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin pè mí láàárọ̀ ọjọ́ Sátidé kan. Wọ́n ti rí Toyota Sienna kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ títì, kí èèyàn tó dé Mọ̀wó, wọ́n sì fẹ́ máa fi kó àwọn ọmọ ilé ìwé. "Àbúrò mi, jọ̀ọ́, wá bá mi wò ó. Bọ̀dá tó ń tà á ní ó fi ₦400,000 wọ́n ju èyí tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ lọ, torí pé Jàpáánì ni wọ́n ti tò ó, Amẹ́ríkà ni wọ́n ti to ìkejì."

Kí n tó kúrò nílé ni mo ti mọ̀ pé ọ̀rọ̀ náà kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Sienna tí à ń rí ní títì wa, Amẹ́ríkà ni wọ́n ti ń tò ó látìbẹ̀rẹ̀: ní Kentucky títí dé mọ́dẹ́ẹ̀lì 2003, ní Indiana láti 2004. Nígbà tí mo débẹ̀, mo fi ìka nu eruku orí gíláàsì iwájú, mo tan iná fóònù sí i, mo sì ní kí ẹ̀gbọ́n mi ka ìbẹ̀rẹ̀ nọ́ńbà ṣáṣí tó wà níbẹ̀ fúnra wọn: 5TD. A lọ sí ìkejì: 5TD náà ni. Ilé iṣẹ́ kan náà ló bí àwọn méjèèjì. Bọ̀dá yẹn ní ohun tí wọ́n sọ fún òun lòun náà ń sọ. Ọkọ̀ náà fúnra rẹ̀ dáa, ó ń ṣiṣẹ́ dòní. Owó orí irọ́ yẹn nìkan la yọ kúrò.

"Jàpáánì", "Amẹ́ríkà", "dírẹ́ẹ̀tì Bẹ́ljíọ̀m": owó gidi ni wọ́n ń fi ọ̀rọ̀ wọ̀nyí gbà lọ́wọ́ àwọn èèyàn wa lójú ọ̀nà yìí, láti Agbára títí dé Sèmè. Ó máa ń dùn mí, torí pé òótọ́ wà lára ọkọ̀ náà, ẹni tó lójú lè kà á.

Kí a tó bẹ̀rẹ̀, ẹ jẹ́ kí nǹkan kan yé wa. Orílẹ̀-èdè mẹ́ta ni àwọn tó ń ta mọ́tò máa ń pò pọ̀ di ọ̀kan. Àkọ́kọ́ ni ti ẹni tó ni orúkọ ọkọ̀. Ìkejì ni ibi tí wọ́n ti to ọkọ̀ náà. Ìkẹta ni ibi tí ó ti ṣiṣẹ́ kó tó dọ́dọ̀ wa. Toyota jẹ́ ti Jàpáánì, àmọ́ Camry kan lè jẹ́ èyí tí wọ́n tò ní Kentucky, kó sì ti lo ọdún mẹ́wàá lórí yìnyín Kánádà. Ní ti "Bẹ́ljíọ̀m", lọ́pọ̀ ìgbà, ibẹ̀ kọ́ ni wọ́n ti to ọkọ̀ náà rárá. Èbúté Antwerp ni wọ́n ti ń kó wọn sínú ọkọ̀ ojú omi wá sí Kútọnu, bí orúkọ náà ṣe mọ́ wa lẹ́nu nìyẹn. Lójú tèmi, ìkẹta ló wúwo jù nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, ìkejì tẹ̀ lé e, àkọ́kọ́ ló fúyẹ́ jù. Àwọn tó ń tà á ló máa ń dojú rẹ̀ délẹ̀.

Ìgbésẹ̀ kìíní: ẹ wá nọ́ńbà ṣáṣí kí ẹ tó gbọ́ ìtàn

Ẹ dúró síta, lápá ibi tí awakọ̀ ń jókòó sí, kí ẹ wo ìsàlẹ̀ gíláàsì iwájú níbi tó ti pàdé dáṣíbọ́ọ̀dù. Ẹ máa rí irin tẹ́ẹ́rẹ́ kan tí wọ́n tẹ nọ́ńbà sí. Àmì 17 ni, lẹ́tà àti nọ́ńbà pọ̀ mọ́ra. Lẹ́tà I, O àti Q kì í sí nínú rẹ̀, torí pé wọ́n jọ 1 àti 0. Àwọn èèyàn máa ń fi nọ́ńbà ránṣẹ́ sí mi lórí WhatsApp, wọ́n á kọ O síbi tó yẹ kí òdo wà, ojú òpó tó ń ka nọ́ńbà náà á sì ní òun ò mọ ọkọ̀ náà. Ẹ kúkú ya fọ́tò rẹ̀.

Lẹ́yìn náà, ẹ ṣí ilẹ̀kùn awakọ̀. Sítíkà kan wà lára òpó tí ilẹ̀kùn ń pa dé. Bó bá jẹ́ ọkọ̀ tí wọ́n tò fún ọjà Amẹ́ríkà, ẹ máa rí orúkọ ilé iṣẹ́, oṣù àti ọdún tó jáde, àti nọ́ńbà yẹn kan náà. Ibi kẹta ni èyí tí wọ́n gbẹ́ sára irin ọkọ̀ gan-an. Nínú àwọn kan, ẹ máa ṣí kápẹ́ẹ̀tì lábẹ́ ìjókòó iwájú lápá ọ̀tún kí ẹ tó rí i. Nínú àwọn mìíràn, ó wà lára irin tó pààlà sáàárín ẹ́ńjìnnì àti inú ọkọ̀.

Mẹ́tẹ̀ẹ̀ta gbọ́dọ̀ bára mu. Bí ọ̀kan bá yàtọ̀, tàbí tí ẹ fọwọ́ kan irin náà tí ẹ sì rí ojú ibi tí wẹ́dà ti jó o, ó lè jẹ́ ọkọ̀ tí wọ́n jí, ó sì lè jẹ́ ọkọ̀ méjì tí wọ́n gé, tí wọ́n so pọ̀. Ẹ kí wọn pé ó dàbọ̀, kí ẹ máa lọ. Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni ṣàlàyé rẹ̀ fún yín.

Ìgbésẹ̀ kejì: ẹ kà á

Àmì àkọ́kọ́ ló ń sọ orílẹ̀-èdè. 1, 4 àti 5 dúró fún Amẹ́ríkà, 2 fún Kánádà, 3 fún Mẹ́síkò. J ni Jàpáánì, K ni Kòríà, L ni Ṣáínà, S ni Ìlú Ọba, W ni Jámánì. Àwọn mìíràn wà tó jẹ́ pé lẹ́tà méjì àkọ́kọ́ la máa wò: VF fún Fáránsé, MR fún Táílándì, AH fún Gúúsù Áfíríkà.

Ẹ wá wò ó lára àwọn ọkọ̀ tí a mọ̀. Corolla tó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú 1NX, California ni, 2T1, Kánádà ni, 5YF, Mississippi, JTD, Jàpáánì. Carina E àti Avensis tí a fi ń pe Bẹ́ljíọ̀m, SB1 ló pọ̀ níwájú wọn, Burnaston ní Ìlú Ọba ni wọ́n ti tò wọ́n. Camry tó jẹ́ 4T1, Amẹ́ríkà, JTN, Jàpáánì. Lexus RX 330 àti 350 méjì ló wà: JTJ láti Jàpáánì, 2T2 láti Kánádà. Hilux náà méjì: AHT láti Durban ní Gúúsù Áfíríkà, MR0 láti Táílándì. Ó máa ń ya àwọn tó fẹ́ràn ọkọ̀ Jámánì lẹ́nu pé Mercedes ML tí wọ́n ń wà, 4JG ló wà níwájú rẹ̀, ìyẹn Alabama. BMW X5 tó jẹ́ 5UX, South Carolina ni. Jetta ti Volkswagen tó jẹ́ 3VW, Mẹ́síkò ni.

Ẹ má fi lẹ́tà àkọ́kọ́ nìkan búra o. Mercedes C-Class kan wà tí wọ́n tò ní East London ní Gúúsù Áfíríkà, síbẹ̀ W ló wà níwájú nọ́ńbà rẹ̀. Àmì kọkànlá ló ń sọ ilé iṣẹ́ tí ọkọ̀ ti jáde gan-an. Lára Toyota ọjà Amẹ́ríkà, U ni Kentucky, S ni Indiana, C ni Cambridge ní Kánádà, Z ni ilé iṣẹ́ California yẹn.

Àmì kẹwàá ni ọdún mọ́dẹ́ẹ̀lì. Láti 2001 dé 2009, nọ́ńbà ni wọ́n lò: 7 ni 2007. Lẹ́tà bẹ̀rẹ̀ ní 2010 pẹ̀lú A. F ni 2015, H ni 2017, wọ́n fo I, J sì di 2018, L di 2020. Ibi tí wọ́n ti máa ń rẹ́ àwọn èèyàn wa jẹ nìyí: ọkọ̀ 2008 ni wọ́n á pè ní 2010. Àmọ́ lára ọ̀pọ̀ Toyota tí wọ́n tò fún ọjà Yúróòpù, òdo ni ẹ máa rí níbẹ̀, kò sì sọ ọdún kankan. Ẹ fa bẹ́líìtì ìjókòó jáde tán, kí ẹ wo aṣọ pélébé tí wọ́n rán mọ́ ìsàlẹ̀ rẹ̀. Ọjọ́ tí wọ́n ṣe bẹ́líìtì náà wà níbẹ̀, kì í sì í jìnnà sí ọjọ́ tí ọkọ̀ jáde.

Bí dátà bá wà lórí fóònù yín, ojú òpó NHTSA, àjọ tó ń rí sí ààbò ojú pópó ní Amẹ́ríkà, máa ń ka nọ́ńbà yìí lọ́fẹ̀ẹ́. Ẹ tẹ àmì 17 náà sí i, á sọ orúkọ ọkọ̀, ọdún, ìlú àti orílẹ̀-èdè tí wọ́n ti tò ó. Àmì kẹsàn-án jẹ́ èyí tí wọ́n fi ìṣirò yọ láti ara àwọn yòókù nínú ọkọ̀ Amẹ́ríkà àti Kánádà, nítorí náà bí ẹnì kan bá fọwọ́ ara rẹ̀ hùmọ̀ nọ́ńbà, ojú òpó náà á sọ pé ìṣirò kò bára mu.

Ìgbésẹ̀ kẹta: ẹ mọ ohun tí ibi ìtòpọ̀ lè ṣe àti ohun tí kò lè ṣe

Ibí yìí ni ọ̀rọ̀ wà jù, mo sì bẹ̀ yín pé kí ẹ fara balẹ̀ kà á.

Ilé iṣẹ́ kan wà ní Fremont, ní California, tó jẹ́ ti General Motors. Àwọn òṣìṣẹ́ ibẹ̀ kì í wá déédéé, ọkọ̀ tó ń jáde ń ní àbùkù, ni GM bá tì í pa ní 1982. Ní 1984, Toyota àti GM jọ tún un ṣí, wọ́n pè é ní NUMMI. Ọ̀pọ̀ lára òṣìṣẹ́ àtijọ́ náà ni wọ́n gbà padà. Ìlú kan náà, ọwọ́ kan náà. Ohun tó yí padà ni ètò iṣẹ́: òṣìṣẹ́ tó bá rí àbùkù lè fa okùn kí gbogbo ìlà iṣẹ́ dúró títí wọ́n á fi tún un ṣe. Kò pẹ́ rárá tí ọkọ̀ tó ń jáde níbẹ̀ fi fẹ́rẹ̀ẹ́ dọ́gba pẹ̀lú ti Jàpáánì. Ibẹ̀ ni Corolla 1NX ti ń wá títí wọ́n fi parí iṣẹ́ níbẹ̀ ní oṣù kẹrin ọdún 2010. Ẹ wo iwájú Corolla tó ń ná Sèmè sí Mílè Méjì, ẹ máa rí 1NX lára wọn. Bí ẹnì kan bá wá sọ fún mi pé ọwọ́ òyìnbó Amẹ́ríkà kò mọ ọkọ̀ tò, òun ni mo máa ń fi hàn án.

Ṣé ó wá túmọ̀ sí pé ibi ìtòpọ̀ kò ṣe nǹkan kan? Rárá. Ilé iṣẹ́ kọ̀ọ̀kan máa ń ra àwọn páàtì lọ́dọ̀ àwọn tó sún mọ́ ọn, ibẹ̀ sì ni ìyàtọ̀ ti ń wọlé. Ní oṣù kìíní ọdún 2010, Toyota pe ọkọ̀ tó lé ní mílíọ̀nù méjì padà ní Amẹ́ríkà nítorí pẹ́dà iná, èyí tí ẹsẹ̀ fi ń tẹ ọkọ̀ sáré, tó lè há. Ilé iṣẹ́ Amẹ́ríkà kan tó ń jẹ́ CTS ló ṣe pẹ́dà náà. Camry àti Corolla tí nọ́ńbà wọn bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú J, pẹ́dà tí Denso ti Jàpáánì ṣe ló wà nínú wọn, ọ̀rọ̀ náà kò sì kàn wọ́n. Ọkọ̀ kan náà lójú, lẹ́tà kan ṣoṣo ló yà wọ́n.

Ẹ wá gbọ́ apá kejì. Ẹ́ńjìnnì 2.4 tó wà nínú Camry 2007 sí 2009, èyí tí a ń pè ní Muscle, ọ̀pọ̀ nínú wọn ló ń mu ọ́ìlì. Oruka písítìnì ni ìdí rẹ̀, bí wọ́n ṣe yà á látorí ìwé ni, Toyota fúnra rẹ̀ sì fi kún àkókò tí yóò fi máa tún un ṣe fún àwọn tó rà á lọ́hùn-ún. Èyí kò mọ ààlà orílẹ̀-èdè. JTN lè mu ọ́ìlì, 4T1 náà lè mu ún. Ẹni tó fi owó kún owó nítorí J, tí kò fa ọ̀pá ọ́ìlì yọ wò, kò ra ìfọ̀kànbalẹ̀ kankan. Ẹ fà á yọ kí wọ́n tó tan ẹ́ńjìnnì láàárọ̀. Ẹ jẹ́ kí ẹnì kan dúró lẹ́yìn ọkọ̀ nígbà tí wọ́n bá tẹ iná mọ́lẹ̀, kó sọ fún yín bóyá èéfín náà ní àwọ̀ búlúù.

Ti airbag tí ilé iṣẹ́ Takata ṣe, ìyẹn báàgì tó ń wú jáde bí ọkọ̀ bá forí sọ nǹkan, ló ń bà mí lẹ́rù jù. Inú ọkọ̀ Jàpáánì, Amẹ́ríkà àti Jámánì ni wọ́n ti lò ó, ìpè padà rẹ̀ sì wà lára èyí tó tóbi jù nínú ìtàn ọkọ̀. Èròjà tó ń fẹ́ báàgì náà máa ń bàjẹ́ díẹ̀díẹ̀ bí ooru àti ọ̀rinrin bá ń bá a fún ọ̀pọ̀ ọdún, nígbà tó bá sì wá bú, irin wẹ́wẹ́ ló ń fọ́n sí awakọ̀ lára. Ẹ̀yin náà ẹ mọ irú afẹ́fẹ́ tí à ń mí láàárín ọ̀sà àti òkun níbí. Ojú òpó NHTSA yẹn náà ní ibi tí ẹ ti lè tẹ nọ́ńbà ṣáṣí kí ẹ mọ̀ bóyá wọ́n ti pe ọkọ̀ náà padà àti bóyá wọ́n ti ṣe àtúnṣe rẹ̀. Bó bá jẹ́ ọkọ̀ ọjà Amẹ́ríkà, tí ẹ sì rí i pé airbag awakọ̀ ṣì wà lórí ìwé láìṣe, ẹ wá òmíràn. Bí mo ṣe máa sọ fún ìyá tó bí mi nìyẹn.

Ìgbésẹ̀ kẹrin: ẹ wò ó bóyá wọ́n yí ìdarí ọkọ̀ padà

Ọ̀rọ̀ yìí kan àwa ará Àgbádárìgì gan-an. Jàpáánì àti Ìlú Ọba ń wakọ̀ lápá òsì títì, nítorí náà ọwọ́ ọ̀tún ni ìdarí ọkọ̀ wọn wà. Àwa ti fi ìyẹn sílẹ̀ láti ọjọ́ kejì oṣù kẹrin ọdún 1972. Àwọn kan máa ń ra ọkọ̀ ọlọ́wọ́ ọ̀tún lówó pọ́ọ́kú, wọ́n á gé dáṣíbọ́ọ̀dù, wọ́n á gbé ìdarí, pẹ́dà àti bréèkì sápá òsì, wọ́n á sì wá polówó rẹ̀ pé "Jàpáánì pọ́ńbélé ni". Òótọ́ ni pé Jàpáánì ni. Àmọ́ ẹni tó jó irin ìdarí yẹn pọ̀, abẹ́ igi lẹ́gbẹ̀ẹ́ títì ló ti jó o.

Nọ́ńbà ló kọ́kọ́ ń tú u fó. Ọkọ̀ tí wọ́n tò fún àwọn ará Jàpáánì fúnra wọn kì í ní àmì 17. Nọ́ńbà tirẹ̀ kúrú, ìlà kékeré sì wà láàárín rẹ̀: NZE121 níwájú, fún àpẹẹrẹ, ìlà, kí nọ́ńbà mélòó kan tó tẹ̀ lé e. Kì í sí lábẹ́ gíláàsì iwájú, ara irin ìdí ẹ́ńjìnnì ni ẹ ti máa rí i. Nítorí náà, ọkọ̀ tó ní àmì 17 tó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú J, ọkọ̀ tí wọ́n tò ní Jàpáánì láti tà sílẹ̀ òkèèrè ni. Nǹkan méjì ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni, owó wọn kò sì gbọ́dọ̀ dọ́gba.

Ẹ tan wáìpà: bó bá jẹ́ apá ọ̀tún gíláàsì ló ń nù mọ́, tó fi igun òsì níwájú awakọ̀ sílẹ̀, ẹ fura. Ẹ wo ibi tí wọ́n ti ń fa bọ́nẹ́ẹ̀tì ṣí, bóyá apá ọ̀tún ló ṣì wà. Ẹ fi ọwọ́ ra ẹ̀gbẹ́ dáṣíbọ́ọ̀dù kí ẹ wá ojú ibi tí wọ́n ti lẹ̀ ẹ́. Ẹ ṣí bọ́nẹ́ẹ̀tì kí ẹ wo ibi tí agolo òróró bréèkì wà àti bóyá ihò àtijọ́ kan wà lápá kejì tí wọ́n fi páànù dí. Ọ̀kan tún wà tí ọ̀pọ̀ èèyàn kì í rò: ẹ tan rédíò. Rédíò FM ti Jàpáánì bẹ̀rẹ̀ láti 76, ti àtijọ́ sì dúró sí 90. Bí ẹ bá wá Bond FM lórí 92.9 tàbí Radio Lagos lórí 107.5 tí ẹ̀rọ náà kò tiẹ̀ ní ibẹ̀, Jàpáánì ni wọ́n tò ó fún. Ẹ tún wo iwájú yín bí ìdarí ṣe rí.

Èmi ò lè gba ẹnikẹ́ni níyànjú láti ra ọkọ̀ tí wọ́n yí báyìí, bó ti wù kó pọ́n tó. Kò sí ilé iṣẹ́ kankan tó yẹ iṣẹ́ yẹn wò kó tó bọ́ sójú títì.

Ní ti ọjà yòókù, ó rọrùn. Ọkọ̀ Amẹ́ríkà máa ń fi máìlì síwájú lórí aago, iná ẹ̀yìn tó ń sọ pé ọkọ̀ fẹ́ yà sábà máa ń pupa, àmì DOT sì wà lára gíláàsì iná iwájú. Ti Yúróòpù, yàtọ̀ sí ti Ìlú Ọba, ń ka kílómítà, lẹ́tà E nínú òbìrípo sì wà lára iná rẹ̀. Ti Dubai sábà máa ń ní ètò ìtútù tó lágbára, torí ooru aṣálẹ̀ ni wọ́n rò nígbà tí wọ́n ń tò ó, ìyẹn sì bá wa lára mu.

Ìgbésẹ̀ karùn-ún: ẹ wá ibi tí ó ti gbé

Bí wọ́n bá ti sọ pé Kánádà tàbí àríwá Amẹ́ríkà ni ó ti wá, ẹ sùn sílẹ̀. Mo mọ̀ pé aṣọ máa dọ̀tí. Iyọ̀ ni wọ́n ń dà sójú títì lọ́hùn-ún nígbà òtútù kí yìnyín lè yọ́, iyọ̀ yẹn sì ń jẹ irin láti ìsàlẹ̀. Ẹ wo irin gígùn tó gbé ẹ́ńjìnnì, ẹ wo páìpù bréèkì, ẹ fi kọ́kọ́rọ́ gún ibi tó bá ti pọ́n. Bó bá ń bọ́ bí èèpo iṣu, ẹ fi í sílẹ̀. Bí wọ́n bá sì ti fi ọ̀dà dúdú kun gbogbo ìsàlẹ̀ láìpẹ́ yìí, ẹ bi wọ́n léèrè ohun tí wọ́n ń bò. Afẹ́fẹ́ òkun wa níbí yóò parí ohun tí iyọ̀ yẹn bẹ̀rẹ̀.

Omi ni ìkejì. Lẹ́yìn ìjì Sandy ní 2012 àti Harvey ní 2017, ọ̀pọ̀ ọkọ̀ tó mumi ní Amẹ́ríkà ni wọ́n tà ní gbàǹjo. Ẹ fa bẹ́líìtì jáde tán kí ẹ wo bóyá ẹrẹ̀ ti fi ìlà sí i. Ẹ ṣí kápẹ́ẹ̀tì kí ẹ gbóòórùn rẹ̀. Ẹ wo bóòtù tó de ìjókòó mọ́lẹ̀: bí inú ọkọ̀ bá mọ́ rekete tí bóòtù ìjókòó sì ti dípẹtà, omi ti wọ ibẹ̀ rí. Carfax àti AutoCheck ń ta ìtàn ọkọ̀ Amẹ́ríkà, NICB, àjọ àwọn ilé iṣẹ́ ìbánigbófò lọ́hùn-ún, sì ní èyí tó jẹ́ ọ̀fẹ́ tó ń sọ bóyá wọ́n ti kọ ọkọ̀ náà sílẹ̀ lọ́hùn-ún gẹ́gẹ́ bí èyí tó ti bàjẹ́ tàbí èyí tí wọ́n jí.

Ìgbésẹ̀ kẹfà: ẹ bi mẹkáníìkì yín léèrè kí ẹ tó bi ẹni tó ń tà á

Páàtì ọkọ̀ Amẹ́ríkà ló pọ̀ jù ní Ládípọ̀. Páàtì Carina àti Avensis máa ń gba Kútọnu wọlé, àmọ́ ó ń dín kù bí àwọn ọkọ̀ náà ṣe ń gbó. Ọkọ̀ tó jẹ́ orúkọ kan náà, tí wọ́n tò fún ọjà méjì, lè má lo bọ́ǹpà tàbí iná iwájú kan náà. Ẹ fi fọ́tò nọ́ńbà ṣáṣí ránṣẹ́ sí mẹkáníìkì, kó pe ẹni tó ń bá a wá páàtì, kó sì sọ iye tí iná iwájú kan àti jíà ń lọ. Ìpè kan péré ni.

Bó bá jẹ́ ọkọ̀ tuntun tí wọ́n tò ní ilẹ̀ wa lẹ fẹ́

Ẹ má sá fún un nítorí orúkọ Nàìjíríà. Lójú ọ̀nà tiwa yìí náà, ní Ọ̀jọ́, ni Volkswagen ti bẹ̀rẹ̀ sí í to Beetle ní 1975, ọdún kan náà tí Peugeot bẹ̀rẹ̀ ní Kàdúná. A ṣì ń pe ibẹ̀ ní Volks títí dòní. Ohun tó yẹ kí ẹ bèèrè ni báwo ni wọ́n ṣe tò ó: ṣé ara ọkọ̀ tó ti pé pérépéré ni wọ́n gbé wọlé tí wọ́n kàn de ẹ́ńjìnnì àti táyà mọ́, àbí ibí ni wọ́n ti jó irin ara rẹ̀ pọ̀ tí wọ́n sì kùn ún? Bó bá jẹ́ ibí, ẹ wo ìlà tó wà láàárín ilẹ̀kùn àti ara ọkọ̀ bóyá ó ṣe déédéé látòkè dé ìsàlẹ̀. Ẹ béèrè fún ìwé àtìlẹ́yìn, kí ẹ kà á, kí ẹ sì mọ ìlú tó sún mọ́ yín jù tí wọ́n ti lè tún un ṣe.

Ìgbésẹ̀ tó kẹ́yìn: ìwé

Láti oṣù kìíní ọdún 2017 ni ìjọba àpapọ̀ ti ní kí ẹnikẹ́ni má gba ẹnubodè orí ilẹ̀ kó ọkọ̀ wọlé mọ́. Èbúté ojú omi wa nìkan ni ọ̀nà tó bófin mu. Ẹ̀yin tí ẹ ń gbé létí Sèmè, ẹ mọ ohun tí èyí túmọ̀ sí. Ọkọ̀ tó "ṣẹ̀ṣẹ̀ dé láti Kútọnu" tí kò ní ìwé kọ́sítọ́ọ̀mù, kò sí bó ṣe lè rẹwà tó, wọ́n lè gbà á lọ́wọ́ yín lójú ọ̀nà kí ẹ tó dé Agbára, ẹni tó tà á fún yín kò sì ní dá owó padà. Láti 2022 ni kọ́sítọ́ọ̀mù ti ń fi nọ́ńbà ṣáṣí ṣírò owó orí ọkọ̀, nítorí náà nọ́ńbà tó wà lórí ìwé gbọ́dọ̀ jẹ́ èyí tó wà lára ọkọ̀, láìyàtọ̀ ní àmì kan. Ẹni méjì ló yẹ kó ṣe é, kí ọ̀kan máa kà á lára irin, kí ìkejì di ìwé mú.

Bí àwa ṣe ṣe é nìyẹn lọ́jọ́ Sátidé yẹn. Ẹ̀gbọ́n mi tẹ̀ sórí gíláàsì, wọ́n ń pè é lọ́kọ̀ọ̀kan, "márùn-ún, T, D", èmi ń fi bírò sàmì sórí ìwé kọ́sítọ́ọ̀mù. Nígbà tí wọ́n dé ìkẹtàdínlógún, wọ́n nà dìde, wọ́n nu ọwọ́ wọn, wọ́n ní kí n bá àwọn gbé báàgì àwọn wá.